Ẹ Jẹ́ Kí Áílándì Yí Páìpù Ká: Lẹ́tà sí Àbẹ̀kẹ́ Lórí Kíṣìnì Rẹ̀

Bódìjà, Ìbàdàn.

Àbẹ̀kẹ́ ọmọ mi,

Ṣé ara ìyá ọkọ rẹ ti mókun láti ìgbà tí wọ́n ti dé ọ̀dọ̀ yín ní Houston?

Ọ̀rọ̀ tí o bá mi sọ lórí fóònù kò tíì kúrò lọ́kàn mi. O ní áílándì, ìyẹn kábínẹ́ẹ̀tì tó dá dúró láàárín kíṣìnì yín, há ọ̀nà mọ́ yín, pé ẹni tó ń dáná àti ẹni tó fẹ́ ṣí fíríìjì ń fara gbún ara wọn, o sì fẹ́ kí wọ́n gbé e lọ sí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé. O ní ọkùnrin kan ti wá wò ó, ó ní iṣẹ́ ọjọ́ méjì ni, ó sì ti ń bèèrè owó. Mo rò ó pé kí n kọ ìmọ̀ràn mi sílẹ̀, kí ọkọ rẹ náà lè kà á, kí ẹ sì lè fi í síwájú yín nígbà tí ẹ bá ń bá oníṣẹ́ sọ̀rọ̀.

O mọ̀ pé iṣẹ́ kíṣìnì ni mo fi jẹun ní Texas kí n tó padà wálé. Ìmọ̀ràn mi kò gùn: ẹ lè sún áílándì yẹn, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí áílándì yí páìpù ká, ẹ má jẹ́ kí páìpù máa wá áílándì kiri. Síńkì wà nínú tiyín, ẹ̀rọ ìfọbọ́ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, iná mànàmáná sì dé ibẹ̀. Àwọn àgbà ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹfà, ó ju èje lọ. Kábínẹ́ẹ̀tì àti òkúta tí ẹ ń wò lókè yẹn ni ẹfà. Ohun tó wà lábẹ́ ilẹ̀ ló máa sọ iye tí ẹ máa ná.

Kí ẹ tó fọwọ́ kan nǹkankan, ẹ kọ́kọ́ wọn ọ̀nà. Ẹ mú téèpù ìwọn, kí ẹ wọn àyè tó wà láàárín áílándì àti gáàsì, láàárín áílándì àti fíríìjì, àti láti áílándì dé ara ògiri. Ẹgbẹ́ àwọn tó ń yàwòrán kíṣìnì ní Amẹ́ríkà, ìyẹn National Kitchen and Bath Association, ní ìwọ̀n tí gbogbo wa ń lò. Ibi tí ẹnì kan ṣoṣo ti ń dáná, kí ọ̀nà náà má dín sí íńṣì 42. Bí ẹni méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ bá ń dáná pọ̀, kí ó jẹ́ íńṣì 48. Ọ̀nà tí èèyàn kàn ń gbà kọjá lásán lè jẹ́ 36. Nínú ilé Yorùbá, ìwọ̀n ẹni méjì ni kí ẹ máa fọkàn sí, nítorí bí ẹnì kan bá ń ro àmàlà, ẹlòmíràn á máa gbọ́n ọbẹ̀, ọmọ kan á sì tún wá bèèrè omi.

Nígbà tí ẹ bá ń wọ̀n ọ́n, ẹ ṣí gbogbo ilẹ̀kùn: ti fíríìjì, ti ófùnù, ti ẹ̀rọ ìfọbọ́. Ilẹ̀kùn ẹ̀rọ ìfọbọ́ tí ẹ bá ṣí sílẹ̀ máa ń gba àyè tó ju ẹsẹ̀ bàtà méjì lọ. Bí ó bá wà ní ṣíṣí tí ẹnikẹ́ni kò lè kọjá, àbùkù ibi tí áílándì wà nìyẹn. Àmọ́ bí ó bá jẹ́ pé àga gíga tí ẹ tò sí ẹ̀yìn rẹ̀ ló ń dí ọ̀nà, ẹ̀bi áílándì kọ́, ẹ yọ àga méjì kúrò kí ẹ sì fi owó yín pamọ́.

Lẹ́yìn èyí, ẹ fi téèpù aláwọ̀ tó rọrùn láti ṣí kúrò nílẹ̀ sàmì sí ibi tuntun tí ẹ fẹ́, kí ẹ sì to àwọn páálí ńlá sí orí àmì náà títí yóò fi ga tó áílándì. Ẹ jẹ́ kó wà bẹ́ẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko, títí kan ọjọ́ Àìkú tí èrò máa ń pọ̀. Ẹ dáná yípo rẹ̀. Ara yín á sọ òótọ́ tí àwòrán kọ̀ǹpútà kò lè sọ. Lillian Gilbreth, obìnrin onímọ̀ ẹ̀rọ ní Amẹ́ríkà, tó jẹ́ ìyá ọlọ́mọ méjìlá, lo irú ọgbọ́n yìí nígbà tó ṣe àfihàn kíṣìnì kan ní 1929: bí ẹsẹ̀ ṣe ń rìn ló kọ́kọ́ wò, kó tó pinnu ibi tí nǹkan máa wà. Ní àwọn ọdún 1940, Yunifásítì Illinois tún ṣiṣẹ́ lórí ọ̀nà mẹ́ta tó so síńkì, gáàsì àti fíríìjì pọ̀. Ìlànà tó kù sọ́wọ́ wa lónìí ni pé kí ọ̀kọ̀ọ̀kan àwọn ọ̀nà yẹn má dín sí ẹsẹ̀ bàtà 4, kí ó má ju 9 lọ, kí àròpọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta má sì ju 26 lọ. Igun áílándì kò sì gbọdọ̀ yọ sínú ọ̀kankan nínú wọn ju íńṣì 12 lọ. Lọ wọ̀n ọ́n. Ó ṣeé ṣe kí o rí i pé igun kan ṣoṣo ló ń fa gbogbo wàhálà.

Bí ẹ bá ti rí i pé lóòótọ́ ni ó yẹ kó kúrò, ẹ wá kọjú sí ilẹ̀. Ilẹ̀ Houston jẹ́ amọ̀ tó máa ń wú bí òjò bá rọ̀, tó sì máa ń súnkì bí ọ̀dá bá dá. Nítorí rẹ̀ ni wọ́n ṣe ń kọ́ ọ̀pọ̀ ilé ibẹ̀ sórí pèpéle kọnkéré kan ṣoṣo, tí wọ́n sì ń gba okùn irin kọjá nínú rẹ̀. Bí kọnkéré bá ti gbẹ díẹ̀, wọn á fi ẹ̀rọ fa àwọn okùn náà le, kí wọ́n lè di pèpéle náà mú kó má sán. Agbára tó wà lára okùn kan ṣoṣo lé ní pọ́ùn 25,000. Bí ẹnì kan bá fi ẹ̀rọ gé e láìmọ̀, okùn náà lè já jáde pẹ̀lú ipá tó lè la ilẹ̀ àti ògiri, tó sì lè pa ẹni tó ń gé e. Ìpìlẹ̀ ilé pàápàá á di aláìlera níbẹ̀.

Nítorí náà, lọ sí gáréèjì yín lónìí, kí o wo ilẹ̀ nítòsí ilẹ̀kùn ńlá. Nínú ọ̀pọ̀ ilé bẹ́ẹ̀, wọ́n máa ń tẹ ìkìlọ̀ sára kọnkéré pé POST-TENSION SLAB, kí ẹnikẹ́ni má gé e, kí ó má sì lu ú. Bí o bá rí i, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbé ẹ̀rọ sórí ilẹ̀ yẹn láìjẹ́ pé wọ́n ti kọ́kọ́ fi ẹ̀rọ rédà tó ń wo inú ilẹ̀ wá ibi tí okùn kọ̀ọ̀kan wà, tí wọ́n sì ti fi ṣọ́ọ̀kì sàmì sí i. Bí o kò bá rí ìkìlọ̀ náà, ìyẹn kò fi hàn pé okùn kò sí níbẹ̀. Ẹ ṣì gbọ́dọ̀ ṣàyẹ̀wò.

Ohun mìíràn tún wà nínú gígé ilẹ̀. Abẹ́ kọnkéré yẹn ní ọ̀rá tó ń dènà ọ̀rinrin, wọ́n sì máa ń fín oògùn ikán sí iyẹ̀pẹ̀ kí wọ́n tó da kọnkéré. Bí wọ́n bá la ilẹ̀ láti gba páìpù kọjá, wọ́n ti ya ọ̀rá náà, wọ́n sì ti ṣílẹ̀kùn fún ikán. Ìwọ mọ ohun tí ikán ń fi ilé ṣe. Oníṣẹ́ tí kò bá fẹnu kan bí òun ṣe máa lẹ ọ̀rá náà padà àti bí wọ́n ṣe máa tún oògùn fín, kò tíì parí àlàyé iṣẹ́ rẹ̀ fún yín.

Omi náà ní òfin tirẹ̀. Omi ìdọ̀tí síńkì kì í gun òkè, ó gbọ́dọ̀ máa ṣàn wálẹ̀. Páìpù rẹ̀ máa ń rẹlẹ̀ ní ìdá mẹ́rin íńṣì kan lórí ẹsẹ̀ bàtà kọ̀ọ̀kan. Bí ẹ bá gbé síńkì jìnnà ní ẹsẹ̀ bàtà 6, páìpù náà gbọ́dọ̀ rẹlẹ̀ ní íńṣì kan àti ààbọ̀ kó tó dé ibi tó ti ń jáde. Bí ibi tó ń jáde sí kò bá rẹlẹ̀ tó, ọ̀rá àti èérún oúnjẹ á máa dúró sínú rẹ̀. Ilé tí wọ́n ti ń da epo ata nù sínú síńkì kò lè fara da irú páìpù bẹ́ẹ̀ pẹ́.

Yàtọ̀ sí ṣíṣàn, síńkì tún nílò afẹ́fẹ́. Wo abẹ́ síńkì, wàá rí páìpù tó tẹ̀ kọ́rọ́kọ́rọ́. Omi díẹ̀ máa ń dúró sínú rẹ̀ nígbà gbogbo, omi yẹn ló ń dí òórùn gọ́tà mọ́ ìta. Bí páìpù afẹ́fẹ́ kò bá sí, omi tó ń sáré lọ á fa ìyókù lọ pẹ̀lú rẹ̀, òórùn á sì wọlé. Nínú ògiri, páìpù afẹ́fẹ́ rọrùn láti gbé gòkè dé òrùlé. Áílándì kò ní ògiri. Ìdí nìyẹn tí a fi ń yí páìpù afẹ́fẹ́ rẹ̀ gòkè lábẹ́ òkúta, tí a tún ń dà á padà sísàlẹ̀ gba inú ilẹ̀ lọ bá ògiri. Àwọn kan máa ń lo fáàfù kékeré tó ń gba afẹ́fẹ́ wọlé dípò rẹ̀. Àwọn ìlú kan gbà á, àwọn mìíràn kò gbà á, nítorí náà ọ́fíìsì tó ń fúnni ní ìwé àṣẹ ni kí ẹ bi, kí ẹ má bi ẹni tó fẹ́ tà á fún yín.

Gbogbo àlàyé yìí ló gbé mi dé ibi tí mo fẹ́ kí ẹ fi ọkàn sí. Páìpù yín jáde láti ilẹ̀ sínú kábínẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo, èyí tí síńkì wà lórí rẹ̀. Kábínẹ́ẹ̀tì síńkì máa ń fẹ̀ tó íńṣì 36, inú rẹ̀ sì máa ń jìn tó 24. Áílándì lè sún síwájú, sẹ́yìn tàbí sí ẹ̀gbẹ́ níwọ̀n ìgbà tí ẹnu páìpù bá ṣì wà nínú àpótí yẹn. Bí ẹnu páìpù bá wà ní àárín, ẹ lè rí tó íńṣì 8 sí apá kọ̀ọ̀kan, kí púlọ́ńbà kàn tún ìsopọ̀ tó wà lókè ilẹ̀ ṣe. Bí ọ̀nà yín bá jẹ́ íńṣì 36 lónìí, íńṣì 8 yẹn á sọ ọ́ di 44. Àyè tí ẹ ń sunkún rẹ̀ nìyẹn, ẹnikẹ́ni kò sì gé ilẹ̀.

Bí ìyẹn kò bá tó, ẹ fi kábínẹ́ẹ̀tì síńkì sílẹ̀ síbi tó wà, kí ẹ tún àwọn ìyókù tò yí i ká. Kábínẹ́ẹ̀tì tó wà lápá fíríìjì lè bọ́ sí apá kejì. Gbogbo áílándì náà lè yí ojú padà kó dojú kọ fèrèsé, kí síńkì sì ṣì wà lórí páìpù rẹ̀. Bí kábínẹ́ẹ̀tì bá wà lẹ́yìn fún àwo, ẹ lè fi èyí tó jìn ní íńṣì 12 rọ́pò rẹ̀, ọ̀nà á là. Ohun tí èyí máa ná yín ni òkúta tuntun, nítorí ihò síńkì kò ní bọ́ sí ibi tó wà tẹ́lẹ̀ mọ́. Síbẹ̀, òkúta tuntun ṣì sàn ju ilẹ̀ tí wọ́n là lọ, nítorí ẹ lè rí òkúta fojú yín, ẹ sì mọ iye rẹ̀ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

Ní ti gáàsì, mo bẹ̀ yín, ẹ má gbé e wá sórí áílándì, bó ti wù kó dára tó nínú fọ́tò. Ẹni tó ń din ata, tó ń yọ́ epo pupa fún ọbẹ̀ ọ̀fadà, nílò ihò èéfín tó lágbára tó sì jáde síta gbangba. Lára ògiri ni ìyẹn ti rọrùn jù. Láàárín ilé, ó gbọ́dọ̀ gba inú àjà kọjá, páìpù gáàsì náà á sì tún ní ilẹ̀ tirẹ̀ láti gé. Epo gbígbóná pẹ̀lú àwọn ọmọ tó jókòó sí òdìkejì kò bá ara wọn mu.

Nínú ọ̀rọ̀ iná, ìwé òfin iná mànàmáná Amẹ́ríkà tó jáde fún 2023 yí nǹkan padà lórí áílándì. Tẹ́lẹ̀, a máa ń fi sọ́kẹ́ẹ̀tì sí ẹ̀gbẹ́ áílándì, lábẹ́ òkúta. Wọ́n ti fòfin de ìyẹn, nítorí ọmọ kékeré lè fa wáyà tó rọ̀ sílẹ̀, kí ìkòkò gbígbóná sì dà lé e lórí. Bí ẹ bá fẹ́ sọ́kẹ́ẹ̀tì níbẹ̀, orí òkúta tàbí òkè rẹ̀ ló gbọ́dọ̀ wà. Ọmọ rẹ kejì ṣẹ̀ṣẹ̀ ń di nǹkan mú rìn. Bí ti ilé yín bá ṣì wà ní ẹ̀gbẹ́, ẹ lo àǹfààní iṣẹ́ yìí láti mú un kúrò níbẹ̀. Kí oníná rántí pé iná tó rọ̀ láti àjà gbọ́dọ̀ bá áílándì lọ, kí ó sì ga tó íńṣì 30 sí 36 lókè òkúta, kó má bàa gbá ẹnikẹ́ni lórí.

Bí ọjọ́ iṣẹ́ bá dé, ẹ kọ́kọ́ ti omi, ẹ pa bírékà, ẹ kó gbogbo ẹrù inú kábínẹ́ẹ̀tì jáde, ẹ sì yọ àwọn dúróọ̀. Gíráníìtì tó nípọn ní sẹ̀ǹtímítà 3 ń wọn tó pọ́ùn 18 sí 20 ní ẹsẹ̀ bàtà onígun mẹ́rin kọ̀ọ̀kan, nítorí náà òkúta tó fẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà 3 tó sì gùn ní 7 lè wọn tó pọ́ùn 400. Ẹ jẹ́ kí wọ́n fi ọ̀bẹ gé gọ́ọ̀mù tó lẹ̀ ẹ́ mọ́ igi, kí wọ́n gbé e ní ìdúró lórí etí rẹ̀. Bí wọ́n bá gbé e ní pẹlẹbẹ, ibi tí ihò síńkì wà ni yóò ti ṣẹ́. Bí òkúta tuntun bá jẹ́ quartz tí wọ́n pò pọ̀ ní ilé iṣẹ́, ẹ má gbà kí wọ́n gé e ní gbígbẹ nínú ilé. Eruku rẹ̀ ń ba ẹ̀dọ̀fóró jẹ́ débi pé ilẹ̀ Australia fòfin de lílò rẹ̀ láti ọjọ́ kìíní oṣù Keje 2024. Àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin tó máa gé e jẹ́ ọmọ ẹlòmíràn.

Ẹ tún wo ilẹ̀ tí áílándì máa fi sílẹ̀. Ní ọ̀pọ̀ ilé, wọn kì í tẹ́ táìsì tàbí pákó dé abẹ́ rẹ̀, nítorí náà kọnkéré lásán ló máa yọjú. Ẹ wò ó bóyá ẹni tó kọ́kọ́ ní ilé náà fi táìsì díẹ̀ sílẹ̀ ní gáréèjì. Bí kò bá sí, ẹ ra èyí tó bá a mu kí ẹ tó gbé nǹkankan kúrò. Bí ó bá jẹ́ ilẹ̀ ọlọ́rá tàbí pákó tí a kàn so mọ́ ara wọn tí a kò lẹ̀ mọ́ kọnkéré, ẹ má gbé áílándì tó wúwo lé e, torí irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ máa ń fẹ̀, ó sì máa ń súnkì, bí ẹ bá sì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, á gbé ẹ̀yìn sókè níbòmíràn. Inú kọnkéré ni kí wọ́n ti de igi ìdábùú, kí wọ́n sì de kábínẹ́ẹ̀tì mọ́ igi náà. Bí ilẹ̀ bá ní okùn irin, kí ìṣó náà má gùn jù, tàbí kí wọ́n lo àtè alágbára dípò rẹ̀. Kábínẹ́ẹ̀tì tí a kò dè lè ṣubú lu ọmọ tó bá pọ́n dúróọ̀.

Ní ti oníṣẹ́ tó ní ọjọ́ méjì: bi í léèrè bóyá ó ti wo gáréèjì. Ẹni tó bá máa fọwọ́ kan páìpù gbọ́dọ̀ ní láísẹ́ǹsì lọ́wọ́ Texas State Board of Plumbing Examiners, oníná sì gbọ́dọ̀ ní tirẹ̀ lọ́wọ́ Texas Department of Licensing and Regulation. Orúkọ wọn wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹ lè yẹ̀ ẹ́ wò láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Ẹ gba ìwé àṣẹ lọ́dọ̀ ìlú tàbí káúńtì bí iṣẹ́ bá kan omi tàbí iná. Ẹ má san gbogbo owó lẹ́ẹ̀kan. Ẹ san díẹ̀ níbẹ̀rẹ̀, díẹ̀ nígbà tí omi àti iná bá yege nínú àyẹ̀wò, kí ìyókù dúró di ìgbà tí ẹ bá ti fọ abọ́ nínú síńkì náà tí kò jò. Kí wọ́n tó bo ohunkóhun, ẹ ya fọ́tò rẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ ta ilé náà lọ́jọ́ iwájú, fọ́tò yẹn á wúlò fún yín.

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló kù, òun ló sì jẹ mí lógún jù. Ìyá ọkọ rẹ wà nínú ilé náà, wọ́n sì ń dáná níbẹ̀. Ẹ pè wọ́n jókòó, kí ẹ bi wọ́n ibi tí ó ń dùn wọ́n. Orí áílándì ga tó íńṣì 36. Ìwọ̀n yẹn dára fún gígé ẹ̀fọ́, ṣùgbọ́n ó ga jù fún àgbà tó fẹ́ fi orógùn ro àmàlà nínú ìkòkò ńlá. Bí ẹ bá máa gé òkúta tuntun, ẹ fi apá kan sílẹ̀ kó rẹlẹ̀, níbi tí wọ́n ti lè lo agbára apá wọn láìna èjìká, tí wọ́n sì ti lè jókòó ṣa ẹ̀wà. Kíṣìnì tó bá gba àgbà àti ọmọdé láyè ló ń mú ìrẹ́pọ̀ wá sínú ilé. Mi ò fẹ́ kí ìwọ àti wọn máa bínú síra yín nítorí íńṣì 8.

Àbẹ̀kẹ́, má sanwó fún ẹnikẹ́ni lọ́sẹ̀ yìí. Ya fọ́tò ilẹ̀ gáréèjì, ya ti abẹ́ síńkì kí ẹnu páìpù hàn dáadáa, kọ ìwọ̀n gbogbo ọ̀nà sórí ìwé kan, kí o fi gbogbo rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp. A ó jọ wò ó, èmi, ìwọ àti ọkọ rẹ, kí a tó pe púlọ́ńbà.

Èmi ni bàbá rẹ, ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ.